Igbá Fínfín, Òkúta Fínfín: Bí Ọ̀rọ̀ Ṣe Ń Wọ Ara Nǹkan

Ní Ọ̀yọ́, igbá tí ọ̀bẹ kò kàn lára ni igbá lásán. Èyí tí ọ̀bẹ bá ti rìn lára rẹ̀, tí ọnà sì jókòó sí i, òun ni igbá fínfín. Ọ̀rọ̀ yìí, fínfín, ni mo fẹ́ tú palẹ̀. Láti Ọ̀yọ́ dé Ògbómọ̀ṣọ́, títí dé Ìrẹsà àti àwọn abúlé tó yí i ká, a ń lò ó fún igbá, fún ilẹ̀kùn, fún ère, fún òkúta ibojì àti fún orúkọ tó wà lára wọn. Síbẹ̀, kì í ṣe gbogbo ohun tí a kọ ni fínfín, kì í sì ṣe gbogbo ohun tí a gbẹ́ ni fínfín. Ẹni tó bá mọ ìyàtọ̀ náà yóò mọ irinṣẹ́ tó kọjá lára nǹkan kó tó bi oníṣẹ́ léèrè.

Ìtumọ̀ rẹ̀ kò ṣòro. Kí a fín nǹkan ni pé kí a fi ohun ẹnu mímú yọ díẹ̀ kúrò lójú rẹ̀, kí ibi tí a yọ àti ibi tó ṣẹ́kù lè di ọnà. Ohun tí a yọ kò gbọdọ̀ pọ̀. Bó bá pọ̀ jù, iṣẹ́ ti di gbígbẹ́. Ó gbọdọ̀ ní ètò, nítorí bí ọmọdé bá mú ọ̀bẹ ha igbá ìyá rẹ̀, ó ha á ni, kò fín in. Ara nǹkan ọ̀hún fúnra rẹ̀ ló sì gbọdọ̀ máa sọ̀rọ̀, kì í ṣe ọ̀dà tí a kùn lé e. Bí o bá fẹ́ dán an wò, di ojú kí o fi ìka tọ́ ọ. Bí ìka bá mọ ibi tí ilà ti bẹ̀rẹ̀ àti ibi tó parí sí, ọ̀bẹ tàbí òòlù ti débẹ̀. Bí ìka bá kọjá láìmọ nǹkan kan, kíkùn ni, tàbí yíyà.

Àwọn kan ń pè é ní fífín, àwọn kan ń pè é ní fínfín. Fífín ni Bíbélì Yorùbá lò fún ère. Fínfín ló wọ́pọ̀ lẹ́nu nígbà tí a bá ń sọ̀rọ̀ igbá. Nǹkan kan náà ni wọ́n ń sọ. Èyí tí kò bá wọn tan ni fín ti alágbẹ̀dẹ tó ń fi ẹwìrì fín iná, àti fín ti àgbẹ̀ tó ń fín oògùn sí kòkó. Ìró ló jọra, iṣẹ́ yàtọ̀. Ọ̀rọ̀ mìíràn wà tó bá ìwà afíngbá mu dáadáa, ìyẹn fínnífínní, tí a fi ń sọ̀rọ̀ ẹni tó fara balẹ̀ wo nǹkan láìfo ibì kankan. Mi ò tíì rí afíngbá tó lè ṣe iṣẹ́ rẹ̀ ní ọ̀nà mìíràn.

Àwọn agbẹ́gilére ló mọ àyè tí fínfín wà jù lọ. Àlùfáà Kevin Carroll, tó bá àwọn agbẹ́gilére Èkìtì àti Ìgbómìnà ṣiṣẹ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún, kọ orúkọ tí wọ́n ń pe ipele iṣẹ́ wọn sínú ìwé rẹ̀ tó jáde ní 1967. Àkọ́kọ́ ni ọnà lílé: wọ́n á fi àáké ṣá igi títí orí, ọrùn, àyà àti ẹsẹ̀ yóò fi hàn láìdán. Alétúnlé tẹ̀ lé e: wọ́n á pín àwọn apá ńlá wọ̀nyẹn sí kékeré, ojú á yọ, etí á yọ. Lẹ́yìn náà ni dídán, tí wọ́n á mú ara ère jọ̀lọ̀. Fínfín ló gbẹ̀yìn. Òun ni irun orí, ilà ojú, ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn, ọnà ara aṣọ. Gbogbo ohun tó ṣáájú rẹ̀, gbígbẹ́ ni. Òun nìkan ni fínfín. Ère lè ti pé ní ara láìtíì ní fínfín, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó máa mọ ìdílé tó ti wá, nítorí ilà ojú rẹ̀ kò tíì sí níbẹ̀. Lámídì Fákẹ́yẹ, ọmọ Ìlá Ọ̀ràngún, tí wọ́n bí ní 1928, tó sì kú ní 2009, kọ́ iṣẹ́ náà ní ipele-ní-ipele bẹ́ẹ̀ lọ́dọ̀ ọ̀gá rẹ̀ George Bámidélé Àrẹ̀ògún, òun náà sì kọ́ àwọn mìíràn bẹ́ẹ̀.

Igbá kò ní ipele tó pọ̀ tó ti igi, ìdí sì nìyẹn tí fínfín fi gba gbogbo iṣẹ́ náà mọ́wọ́. Orí ìtàkùn ni igbá ti ń so. Bó bá ti gbó, wọn á já a, wọn á rẹ ẹ́ sómi títí inú rẹ̀ yóò fi rà, wọn á là á sí méjì, wọn á kó hóró àti ìdọ̀tí inú rẹ̀ dànù, wọn á ha á mọ́, wọn á sì sá a sóòrùn títí yóò fi le gan-an. Ara igbá tó ti gbẹ yìí ní ipele méjì tó kan afíngbá. Lókè ni èèpo tó ń dán, tó le, tó tínrín, tí àwọ̀ rẹ̀ sì rí bí ẹ̀kọ tí a fi omi ata díẹ̀ kùn. Lábẹ́ rẹ̀ ni ara igbá tó funfun, tó sì rọ̀. Gbogbo ọnà igbá Ọ̀yọ́ inú ìyàtọ̀ àwọ̀ méjèèjì yìí ló ti ń jáde. Kò sí ọ̀dà níbẹ̀.

Afíngbá á gbé igbá lé itan. Á kọ́kọ́ fa ilà yí etí rẹ̀ ká, á pín ojú rẹ̀ sí ọ̀nà mẹ́rin tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, kí ọnà má bàa wọ́ sí apá kan. Lẹ́yìn náà, á fi ẹnu ọ̀bẹ kékeré fa ààlà ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀: alángbá, ẹyẹ, ejò, ẹja, tàbí àwọn ilà tó ń gba ara wọn kọjá. Ọwọ́ tó di igbá mú ló ń ṣiṣẹ́ jù, nítorí igbá ló ń yí, ọ̀bẹ fẹ́rẹ̀ẹ́ dúró sójú kan. Bí ààlà bá ti pé, á bẹ̀rẹ̀ sí í bó èèpo kúrò láàárín àwọn àwòrán náà, díẹ̀díẹ̀, títí ẹ̀yìn wọn yóò fi funfun. Alángbá tí ẹ rí lára igbá kì í ṣe ohun tí wọ́n fi sí i. Èèpo igbá tí wọn kò fọwọ́ kàn ni. Ohun tí wọ́n fọwọ́ kàn ni àyíká rẹ̀.

Ọ̀nà méjì ni ọ̀rọ̀ kíkọ lè gbà wọ ara igbá. Bí ènìyàn bá ní kí wọ́n fín orúkọ ìyàwó sára igbá ẹrù ìyàwó, oníṣẹ́ lè gé lẹ́tà wọnú èèpo, kí lẹ́tà funfun hàn lórí igbá pípọ́n. Ó sì lè bó àyíká lẹ́tà, kí lẹ́tà pípọ́n hàn lórí funfun. Ọ̀nà kejì yìí gba àkókò gidi, ó sì gba àròjinlẹ̀, torí pé oníṣẹ́ gbọdọ̀ máa wo ohun tí kò ní fọwọ́ kàn. Ìdí sì wà tí lẹ́tà ara igbá fi máa ń ní igun ju lẹ́tà inú ìwé lọ. Ọ̀bẹ fẹ́ràn kó lọ tààrà. Lẹ́tà I, L, T àti N rọrùn fún un. O, S àti B ń fa wàhálà, nítorí pé bí ọ̀bẹ bá ń yí lórí ohun tí òun fúnra rẹ̀ tẹ̀ kọrọdọ, èèpo lè ṣí kúrò ju ibi tí wọ́n fẹ́ lọ. Bó bá ṣí, kò sí ẹni tó lè lẹ̀ ẹ́ padà. Oníṣẹ́ tó mọṣẹ́ á sọ àṣìṣe náà di ọnà mìíràn, á fín ewé sí i tàbí ilà. Ṣùgbọ́n ewé kò lè rọ́pò lẹ́tà.

Fínfín lẹ́tà kò mọ sí Ọ̀yọ́. Àwọn ará Róòmù àtijọ́ náà ń fi òòlù àti irin fín lẹ́tà sára òkúta. Lẹ́tà ńlá tí à ń lò lónìí nínú ìwé Yorùbá, ọ̀dọ̀ wọn ló ti wá, ó sì ti gba ojú òkúta kọjá kó tó dé orí ìwé. Lára ọwọ̀n tí wọ́n kọ́ fún ọba Trajan ní Róòmù ní nǹkan bí ọdún 113, àwọn lẹ́tà náà wà níbẹ̀ títí di òní. Bẹ́ẹ̀ ni òkúta Rosetta láti Íjíbítì, tí wọ́n fín àṣẹ kan náà sí ní ọ̀nà ìkọ̀wé mẹ́ta ní ọdún 196 ṣáájú ìbí Jésù. Wọ́n rí i ní 1799, onímọ̀ kan tó ń jẹ́ Champollion sì fi í tú àṣírí ìkọ̀wé Íjíbítì àtijọ́ ní 1822. Ká ní orí ewé ni wọ́n kọ ọ́ sí, ó ṣeé ṣe kí ọ̀rọ̀ ibẹ̀ ti parun ṣáájú ìgbà náà.

Ní ti igbá, irin gbígbóná náà wà. Àwọn oníṣẹ́ kan a máa ti irin bọ iná, wọn á sì fi fa ilà dúdú sára igbá. Ó dára lójú, ó sì máa ń pẹ́, ṣùgbọ́n jíjó ni, kì í ṣe fínfín. Bákan náà ni lẹ́tà tí bíríkìlà fi ìṣó kọ sára sìmẹ́ńtì tútù: kò yọ nǹkan kan kúrò, ó tẹ sìmẹ́ńtì wọlé ni. Lójú àwọn ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì àtijọ́ ní Ògbómọ̀ṣọ́ àti káàkiri ilẹ̀ Yorùbá, ẹ ó rí orúkọ onílé tàbí ọdún tí wọ́n kọ́ ọ, tó yọ síta lára ògiri. Ìyẹn ni mímọ, nítorí pé wọ́n fi sìmẹ́ńtì kún un ni. Àwọn mẹ́ta yìí, jíjó, títẹ̀ àti mímọ, ni àwọn ènìyàn sábà máa ń pè ní fínfín láìwádìí.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti dùn ún gbọ́ ni ọ̀rọ̀ kọ. À ń kọ ìwé, à ń kọ ilà. Ẹni tó ń kọ ìwé ni akọ̀wé, ẹni tó ń kọ ilà ni akọlà tàbí olóòlà. Kí ìwé tó dé ilẹ̀ wa, abẹ ló ti ń kọ, awọ ara ènìyàn ló sì ń kọ sí. Nígbà tí bírò àti ìwé dé, a kò wá ọ̀rọ̀ tuntun fún iṣẹ́ wọn. Èyí tí olóòlà ń lò la fún wọn. Ìdí nìyẹn tí mo fi gbà pé ìkọ̀wé, lójú Yorùbá, kì í ṣe àjèjì pátápátá nígbà tó dé. A ti mọ̀ pé ilà lára lè sọ orúkọ ìdílé.

Samuel Johnson, àlùfáà ìjọ Áńgílíkà ní Ọ̀yọ́, ṣàlàyé ilà wọ̀nyí nínú ìtàn Yorùbá tó parí ní 1897, tí àbúrò rẹ̀ Obadiah sì tẹ̀ jáde ní 1921 lẹ́yìn ikú rẹ̀. Ó ka àbàjà, tí í ṣe ilà mẹ́ta tàbí mẹ́rin tó dùbúlẹ̀ lórí ẹ̀rẹ̀kẹ́. Ó ka kẹ́kẹ́ tàbí gọ̀ǹbọ́, ó ka pélé, ó ka túrè. Ìwé kan náà ló sọ pé Ìrẹsà, ìlú Arẹ̀sà, ni olórí ìlú ní ẹ̀kùn Ìbọ̀lọ́, ẹ̀kùn tó nà dé Ẹdẹ. Ogun Ìlọrin tú ìlú àtijọ́ yẹn ká ní ọ̀rúndún 19, àwọn ènìyàn rẹ̀ sì wá tẹ̀dó sí ìtòsí Ògbómọ̀ṣọ́. Ìrẹsàadú ni olú ìlú ìjọba ìbílẹ̀ Súrùlérè lónìí, Ìrẹsàapá sì wà ní ìtòsí rẹ̀. Nígbà tí ogun ń tú ìlú ká báyẹn, tí ìyá ń pàdánù ọmọ lójú ọ̀nà, tí wọ́n ń ta ènìyàn láti ọjà dé ọjà, ojú ènìyàn ni a fi ń mọ ilé tó ti wá. Iṣẹ́ gidi ni ilà ń ṣe, kì í ṣe ọ̀ṣọ́ nìkan.

Olóòlà kì í fín ojú, ó ń kọ ọ́ ni. Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni pé abẹ kì í yọ awọ kúrò. Ó ń là á ni, ojú ọgbẹ́ á sì jinná di ilà. Bí abẹ bá kéré, tó sì jẹ́ pé oògùn ni wọ́n fẹ́ fi sí i, a ó sọ pé wọ́n sín gbẹ́rẹ́. Àwọn àgbà máa ń sọ pé oró là ń dá ká tó kọlà, bó bá jinná tán, a di oge. Lónìí, òfin ẹ̀tọ́ ọmọdé tí ìjọba àpapọ̀ ṣe ní 2003 kò gbà kí ẹnikẹ́ni kọ ilà sára ọmọdé, mo sì fara mọ́ òfin náà. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí á mọ ohun tí àwọn baba wa ń kà lójú ara wọn kí ẹni tó mọ̀ ọ́n kà kẹ́yìn tó lọ.

A ṣì lè kà á lára òkúta. Ní Èsìẹ́, ní ìpínlẹ̀ Kwara, tí kò jìnnà púpọ̀ sí Ọ̀fà, ère òkúta tó ju ẹgbẹ̀rún kan lọ ló wà níbẹ̀, ilà sì wà lójú ọ̀pọ̀ nínú wọn. Torí wọn ni wọ́n ṣe kọ́ ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé sí Èsìẹ́ ní 1945, òun sì ni àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà. Òkúta rírọ̀ ni wọ́n, ọ̀bẹ lè fín in. Bí a bá fi wọ́n wé àwọn orí idẹ tí wọ́n hú jáde ní agbo ilé Wúnmọníjẹ̀ ní Ilé-Ifẹ̀ ní 1938, ẹ ó rí i pé ọ̀pọ̀ lára àwọn náà ní ilà tó bo gbogbo ojú. Ṣé fínfín ni ilà orí idẹ yẹn? Ìda ni wọ́n fi mọ orí náà ní ìbẹ̀rẹ̀, inú ìda yẹn ni wọ́n ti fa ilà, kí wọ́n tó fi amọ̀ bò ó, kí wọ́n tó yọ́ ìda dànù, kí wọ́n tó da idẹ sí àyè rẹ̀. Ilà náà jẹ́ fínfín nínú ìda, ó di dídà nínú idẹ. Àwọn tó túmọ̀ Bíbélì sí Yorùbá mọ ìyàtọ̀ yìí, wọ́n sì ya ère fífín sọ́tọ̀ sí ère dídà.

Ohun mìíràn tún wà nínú Bíbélì yẹn, tó parí lódindi ní 1884, tó sì yà mí lẹ́nu nígbà tí mo kọ́kọ́ ṣàkíyèsí rẹ̀. Òkúta méjì tí Mósè gbà lórí òkè, wàláà ni wọ́n pè é. Wàláà ni pákó tí ọmọ ilé kéú fi ń kọ́ Kùránì. Àjàyí Crowther àti àwọn tó bá a ṣiṣẹ́ túmọ̀ Bíbélì náà kò wá ọ̀rọ̀ tuntun. Wọ́n mú èyí tí àwọn Mùsùlùmí ti ń lò ní ilẹ̀ Yorùbá, wọ́n sì sọ pé a fín òfin sára rẹ̀. Bẹ́ẹ̀, wàláà ilé kéú kì í ní fínfín rárá. Tàdáwà ni wọ́n fi ń kọ sí i, wọn á fọ̀ ọ́, wọn á tún òmíràn kọ, àwọn kan á sì mu omi tí wọ́n fi fọ̀ ọ́, tí à ń pè ní hàǹtú. Orúkọ kan náà ni pákó ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń fọ̀ dànù àti òkúta ọ̀rọ̀ tí kò ní pa rẹ́ ń jẹ́.

Ọpọ́n Ifá kó méjèèjì pọ̀ sórí igi kan ṣoṣo. Etí rẹ̀ yí ká ni wọ́n fín: ojú Èṣù wà lókè, ẹyẹ, ejò, ènìyàn àti oríṣiríṣi ọnà sì tẹ̀ lé e. Àárín rẹ̀ jọ̀lọ̀. Níbẹ̀ ni babaláwo ń da ìyẹ̀rosùn sí, tó ń fi ìka tẹ odù, ilà kan tàbí méjì lẹ́ẹ̀kan, títí ọ̀kan nínú 256 odù yóò fi jókòó síbẹ̀. Bó bá ti kì í tán, á pa á rẹ́. Odù jẹ́ títẹ̀, etí ọpọ́n jẹ́ fínfín, kò sì sí babaláwo tó ń pe ọ̀kan ní orúkọ èkejì. Ní ìlú Ulm ní Jámánì, ọpọ́n kan wà tí wọ́n gbé láti Àlàdá, ní orílẹ̀-èdè Benin òde òní, kí ọdún 1659 tó dé, nítorí ọdún yẹn ni orúkọ rẹ̀ ti wà nínú ìwé àkójọ ẹni tó ni ín. Ó ti lé ní 350 ọdún. Odù tí wọ́n tẹ̀ sórí rẹ̀ kẹ́yìn kò sí mọ́, ṣùgbọ́n etí rẹ̀ ṣì wà bí wọ́n ṣe fín in.

Èyí ló mú mi dé ibi òkúta ibojì, níbi tí ọ̀pọ̀ nínú wa ti ń pàdé ọ̀rọ̀ fínfín lónìí. Ní Ògbómọ̀ṣọ́, ní Ìrẹsà, ní Ọ̀yọ́, inú ọgbà ilé ni wọ́n sábà máa ń sin àgbà sí, wọ́n á fi mábù bo ojú ibojì, wọ́n á sì fín orúkọ, ọjọ́ ìbí, ọjọ́ ikú àti gbólóhùn ìdágbére kan sí i. Bí o bá ka àwọn òkúta yìí, èdè wọn á sọ ọjọ́ orí wọn fún ọ kí o tó dé ibi tí ọdún wà. Ní 1974 ni ìjọba fọwọ́ sí ìlànà àkọtọ́ tuntun. Kó tó di ìgbà yẹn, aiye ni wọ́n ń kọ, kì í ṣe ayé. Enia ni, kì í ṣe ènìyàn. Oshogbo ni, Offa ni, Ogbomosho ni. A ti tún ìwé ilé ẹ̀kọ́ tẹ̀, a ti tún Bíbélì tẹ̀, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó tún òkúta fín. Àkọtọ́ tó ti kúrò nílé ẹ̀kọ́ ṣì dúró síbẹ̀, kò sì yẹ kí ẹnikẹ́ni máa fi ọ̀dà bò ó tàbí kó máa pààrọ̀ òkúta nítorí rẹ̀. Ẹ̀rí ni.

Ohun tó ń dùn mí ni òkúta tuntun. Lára èyí tí wọ́n gbé sílẹ̀ ní ọdún mélòó kan sẹ́yìn, ọ̀pọ̀ ni kò ní àmì lábẹ́ lẹ́tà, kò sì sí àmì ohùn. Opó kan fẹ́ sọ pé ọkọ rere ni ọkọ òun. Lórí òkúta, ó di OKO RERE, èyí tí ẹnikẹ́ni tó gbọ́ Yorùbá lè kà sí ilẹ̀ àgbẹ̀ tó dára. Àwọn ọmọ fẹ́ kọ ìyá wa. Ó di IYA WA, kò sì sí ohun tó sọ fún ẹni tó ń kà á pé kì í ṣe ìyà. Òjó, òjò àti ọjọ́ di OJO. Orúkọ Ìrẹsà gan-an, bí wọ́n bá fín in sí IRESA, àlejò yóò pè é bó ṣe rí lójú rẹ̀, kò ní jẹ̀bi. Nínú lẹ́tà tí a fi bírò kọ, èyí kò burú tó bẹ́ẹ̀, nítorí ẹni tó ń kà á mọ ẹni tó kọ ọ́. Òkúta ibojì wà fún ẹni tí kò mọ òkú náà, tó máa kà á ní ọgọ́rùn-ún ọdún sí i.

Kì í ṣe pé àwọn agbẹ́kùúta kò bìkítà. Àmì kékeré abẹ́ lẹ́tà ṣòro fún irin. Bí wọ́n bá fi ẹnu irin gbá ihò kékeré sára mábù, eruku á fò, ara òkúta lè là dé ara lẹ́tà tó wà lókè rẹ̀. Ẹni tó mọ ọ̀nà á fi àyè sílẹ̀ láàárín lẹ́tà àti àmì, á sì fín àmì náà ní igun mẹ́ta tàbí ilà kúkúrú tó dúró, dípò ihò roboto. Ní ti ẹ̀rọ tí kọ̀ǹpútà ń darí, ìṣòro rẹ̀ yàtọ̀. Lẹ́tà ẹ ní nọ́ńbà tirẹ̀ nínú Unicode, ètò tí kọ̀ǹpútà fi ń mọ lẹ́tà, ọ náà ní, ṣ náà ní. Ṣùgbọ́n ẹ́ tó ní àmì lókè àti nísàlẹ̀ kò ní nọ́ńbà kan ṣoṣo. Kọ̀ǹpútà gbọdọ̀ gbé àmì ohùn lé orí ẹ fúnra rẹ̀. Bí irú lẹ́tà tí wọ́n yàn kò bá mọ bí wọ́n ṣe ń tò ó, àmì náà á fò sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, tàbí kó di àpótí òfìfo, oníṣẹ́ á sì pa á rẹ́ kí iṣẹ́ lè mọ́. Ọ̀nà àbáyọ wà. Kí ó kọ́kọ́ yí gbogbo ọ̀rọ̀ náà padà sí àwòrán, kí àmì ti wà ní àyè rẹ̀, kí ó tó rán an sí ẹ̀rọ.

Nítorí náà, bí o bá fẹ́ ṣe òkúta fún ẹni rẹ, tàbí igbá fún ọmọ tó ń lọ sílé ọkọ, má fi ẹnu sọ orúkọ fún oníṣẹ́. Kọ ọ́ sórí ìwé ní lẹ́tà ńlá, pẹ̀lú gbogbo àmì rẹ̀, kí olùkọ́ Yorùbá kan bá ọ yẹ̀ ẹ́ wò. Ní kí oníṣẹ́ fa ọ̀rọ̀ náà sórí páálí ní ìwọ̀n tí yóò wà lórí òkúta gan-an, kí o sì fọwọ́ sí i kó tó gbé irin. Ẹ̀yin oníṣẹ́ náà, bí oníbàárà bá kọ orúkọ láìsí àmì, ẹ bi í léèrè kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀; ìbéèrè kan ló máa ná yín, òkúta odindi ló sì máa ná a bí ẹ bá dákẹ́.